Mísáìlì abẹ́ omi: òkò ni, kì í ṣe ẹja

Níwájú oníwèé-ìròyìn kan nítòsí Ọláìyá ni ọ̀rọ̀ yìí ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀yin ará Òṣogbo mọ bó ṣe máa ń rí: èèyàn mẹ́wàá á dúró, ẹnì kan á ra ìwé, àwọn mẹ́sàn-án yòókù á fi ojú jẹ tiwọn lọ́fẹ̀ẹ́. Lọ́jọ́ yẹn, wọ́n kọ ọ́ gàdàgbà síwájú ìwé pé orílẹ̀-èdè kan ti yin mísáìlì láti inú ọkọ̀ abẹ́ omi. Bàbá tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì ní ṣe ni mísáìlì ọ̀hún á máa lúwẹ̀ẹ́ bí ẹja lábẹ́ òkun títí á fi dé èbúté ọ̀tá. Ọmọkùnrin ọlọ́kadà kan ní, "Ẹ má bínú, Bàbá, ọkọ̀ yẹn fúnra ẹ̀ ni bọ́ǹbù. Ṣebí ìdí tí wọ́n fi ń pè é ní núkílíà nìyẹn." Ni àríyànjiyàn bá bẹ́ sílẹ̀. Nígbà tó yá, Bàbá rí ẹrẹ̀ bọ́ọ̀hó lára aṣọ iṣẹ́ mi, wọ́n bá yíjú sí mi: "Ìwọ tó o máa ń ki súmò bọ inú ilẹ̀, ṣé ìdílé kan náà kọ́ ni súmò àti sọ́ńmárìnì?"

Omi ni súmò tèmi ń fà, kì í yìnbọn. Àmọ́ ìbéèrè Bàbá ò burú. Iṣẹ́ bọ́ọ̀hó ti kọ́ mi ní ohun kan tó wà ní ìdí gbogbo ọ̀rọ̀ yìí: omi wúwo. Bí o bá ti sọ̀ kalẹ̀ mítà 10 nínú omi, ó ti di ẹrù afẹ́fẹ́ ayé kan mìíràn lórí rẹ. Mítà 10 mìíràn, ẹrù mìíràn. Ohunkóhun tó bá máa ti ìsàlẹ̀ jáde ní láti bá ẹrù yẹn jà ná.

Ẹ jẹ́ ká ya ohun tí Bàbá àti ọlọ́kadà dà pọ̀ sọ́tọ̀. Ohun tó ń lúwẹ̀ẹ́ bí ẹja wà lóòótọ́, tọ́pídò ni wọ́n ń pè é. Robert Whitehead, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló ṣe é ní ìlú Fiume ní 1866. Ó ní ẹ́ńjìnnì nídìí, abẹ́ omi ló ń gbà lọ, ikùn ọkọ̀ ọ̀tá ló ń wá. Kò ní ohunkóhun í ṣe pẹ̀lú ìlú tó wà lórí ilẹ̀. Èkejì ni mísáìlì tí wọ́n ń pè ní krúùsì, bíi Tomahawk ti Amẹ́ríkà. Ẹ kà á sí ọkọ̀ òfuurufú kékeré tí kò ní awakọ̀: ó ní apá, ó ní ẹ́ńjìnnì tó ń mí afẹ́fẹ́, ó ń fò nísàlẹ̀, ó lè yà sọ́tùn-ún yà sósì, eré rẹ̀ ò sì fi bẹ́ẹ̀ ju ti bàlúù tó ń kó èrò lọ sí Mẹ́kà.

Ẹ̀kẹta ni èyí tí ìwé ìròyìn ń sọ, mísáìlì bàlísítíìkì. Òkò ni. Ẹni tó bá ti sọ òkò sí mángòrò rí ti mọ̀ ọ́n tán. Apá rẹ ló fún òkò lágbára. Bó ṣe kúrò lọ́wọ́ rẹ báyìí, ọwọ́ rẹ ò tó o mọ́, ó di ọ̀rọ̀ òun àti ilẹ̀ tó ń fà á padà. Ọ̀rọ̀ náà gan-an, inú èdè Gíríìkì ló ti wá, ohun tó sì túmọ̀ sí níbẹ̀ ni jíjù. Rọ́kẹ́ẹ̀tì tó wà nídìí mísáìlì yìí máa ń jó fún ìṣẹ́jú díẹ̀ péré. Láàárín ìṣẹ́jú yẹn, á ti gbé e kọjá ibi tí afẹ́fẹ́ ayé dé, eré èyí tó ń lọ jìnnà nínú wọn á ti ju 20,000 kìlómítà ní wákàtí kan lọ. Iná á kú. Orí mísáìlì, níbi tí bọ́ǹbù wà, á wá máa lọ nínú òfuurufú gbalasa láìsí ẹ́ńjìnnì kankan, á tẹ̀ bí òṣùmàrè, á sì já bọ̀ síbi tí wọ́n sọ ọ́ sí. Bó ti wù kó jìnnà tó, kì í sábà ju ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lọ. Láti Òṣogbo dé Ìkìrun nínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ọjọ́ ọjà lè jù bẹ́ẹ̀.

Nítorí náà, omi ni mísáìlì yìí ti gbéra, ṣùgbọ́n ìwọ̀nba ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ló ń lò nínú rẹ̀. Ojú ọ̀run ni ọ̀nà rẹ̀.

Ti ọlọ́kadà wá kù. Núkílíà méjì ló wà, wọn kì í sì í ṣe ọ̀kan náà. Ọ̀kan wà nínú ẹ́ńjìnnì ọkọ̀, ìkejì wà lórí mísáìlì. Ọkọ̀ lè ní ọ̀kan láìní ìkejì. Àwọn ọkọ̀ abẹ́ omi tí Ọsirélíà ń bá Amẹ́ríkà àti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dòwò lé lórí láti 2021, ẹ́ńjìnnì núkílíà ni wọ́n máa ní, ṣùgbọ́n wọn ò ní gbé bọ́ǹbù núkílíà. Lọ́wọ́ kejì ẹ̀wẹ̀, àwọn Sófíẹ́ẹ̀tì, ìyẹn Rọ́ṣíà ayé ìgbà kan àti àwọn ilẹ̀ tó wà lábẹ́ rẹ̀, ní ọkọ̀ tó ń jẹ dísẹ́ẹ̀lì bíi jẹnẹrétọ̀ ilé ìfowópamọ́, bọ́ǹbù núkílíà sì wà nínú rẹ̀.

Ìdí tí ẹ́ńjìnnì núkílíà fi dùn mọ́ wọn lọ́wọ́ kò ṣòro. Gbogbo wa la mọ ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ sí ẹni tó tan jẹnẹrétọ̀ sínú yàrá títì, tó wá sùn. Dísẹ́ẹ̀lì ń jẹ afẹ́fẹ́, ó sì ń tú èéfín. Ọkọ̀ tó ń lò ó kò lè tàn án lábẹ́ omi. Bátìrì ló máa fi rìn, bí bátìrì bá sì ti ń tán, dandan ni kó gòkè wá mí. Ibi tó ti ń mí ni ọ̀tá ti ń rí i. Ẹ́ńjìnnì núkílíà ò bèèrè afẹ́fẹ́ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ọkọ̀ Nautilus ti Amẹ́ríkà ló kọ́kọ́ fi í rìn, ní ọjọ́ 17 oṣù kìíní 1955, nígbà tó sì di oṣù kẹjọ 1958, ó gba abẹ́ yìnyín kọjá ní òkè téńté ayé láìyọjú síta. Láti ìgbà náà, oúnjẹ àwọn atukọ̀ ló ń dá irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ padà sílé, kì í ṣe epo.

Ṣùgbọ́n èrò pé kí wọ́n yin rọ́kẹ́ẹ̀tì láti abẹ́ omi ti wà ṣáájú ìyẹn. Ní 1942, àwọn ará Jámánì yin rọ́kẹ́ẹ̀tì kéékèèké láti ara ọkọ̀ U-511 nígbà tó wà nísàlẹ̀ omi, nítòsí Peenemünde. Ó ṣiṣẹ́, àmọ́ wọ́n pa á tì. Kí ogun tó parí, wọ́n tún gbèrò ohun tó ya ni lẹ́nu: kí wọ́n gbé V-2, rọ́kẹ́ẹ̀tì tí wọ́n fi ń lu London, sínú àgbá ńlá tí omi ò lè wọ̀, kí ọkọ̀ abẹ́ omi máa wọ́ àgbá náà tuurutu lẹ́yìn gba òkun Àtìláńtíìkì kọjá lọ sí Amẹ́ríkà, kí wọ́n wá jẹ́ kí omi wọ ìdí àgbá kó lè nàró, kí wọ́n ṣí ọmọrí, kí wọ́n sì yìn ín. Ogun parí kí wọ́n tó lò ó. Tèmi ni pé bí wọ́n bá tiẹ̀ lò ó, okùn yẹn á já lójú ọ̀nà.

Àwọn tó ṣẹ́gun pín ìmọ̀ V-2 láàárín ara wọn. Sófíẹ́ẹ̀tì ló kọ́kọ́ dé ibi tí gbogbo wọn ń lọ. Ní ọjọ́ 16 oṣù kẹsàn-án 1955, nínú Òkun Funfun, ọkọ̀ B-67 yin mísáìlì R-11FM. Sergei Korolev ni olórí àwọn tó ṣe é, ọkùnrin tó tún fi sátẹ́láìtì Sputnik ránṣẹ́ sójú ọ̀run lẹ́yìn ọdún méjì. Ṣùgbọ́n àléébù méjì wà níbẹ̀. Mísáìlì náà kò lè lọ ju nǹkan bí 150 kìlómítà. Bí wọ́n bá dúró sí etí òkun Èkó yìn ín, kò lè dé Òṣogbo. Lójú ẹyẹ, ibẹ̀ tó 200 kìlómítà sí wa. Èkejì ló burú jù: ọkọ̀ ní láti léfòó kí wọ́n tó yìn ín. Olè tó fún fèrè lẹ́nu ọ̀nà kó tó wọlé ni.

Amẹ́ríkà náà ń léfòó láti yin tiwọn, Regulus, tó jẹ́ ti krúùsì. Ìtàn kan wà nípa rẹ̀ tí mi ò lè fò: ní oṣù kẹfà 1959, wọ́n yọ ohun ìjà kúrò lórí Regulus kan, wọ́n kó nǹkan bí 3,000 lẹ́tà sí i nínú, ọkọ̀ Barbero sì yìn ín láti ojú òkun lọ sí Mayport ní Florida. Ọ̀gá ilé ìfìwéránṣẹ́ wọn ń fọ́nnu pé mísáìlì ni yóò máa gbé lẹ́tà kiri láyé ìgbà tó ń bọ̀. Ẹ̀ẹ̀kan yẹn náà ló mọ.

Ìṣòro tó dí ọ̀nà ni epo. Àwọn rọ́kẹ́ẹ̀tì ìgbà yẹn ń lo epo olómi, méjì tó jẹ́ pé bí wọ́n bá pàdé, iná ni. Lórí ilẹ̀, o lè jìnnà sí i. Nínú ọkọ̀ tó ti ara rẹ̀ mọ́lé sábẹ́ omi, ibo lo fẹ́ sá sí? Ọgágun William Raborn, tí wọ́n fi ṣe olórí iṣẹ́ náà nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà, yàn láti lo epo líle, ohun tó rí bíi rọ́bà tí wọ́n dà sínú ikùn rọ́kẹ́ẹ̀tì títí tó fi dì. Kò ń dà, kò ń jò. Ṣùgbọ́n agbára rẹ̀ kéré sí ti olómi, bọ́ǹbù ìgbà yẹn sì wúwo. Ní 1956, Edward Teller, onímọ̀ nípa bọ́ǹbù núkílíà, sọ fún wọn níbi ìpàdé kan pé kí wọ́n má fi bọ́ǹbù ọdún yẹn wọn mísáìlì ọdún tó ń bọ̀, pé bọ́ǹbù máa fúyẹ́ kí wọ́n tó parí. Wọ́n gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ gbọ́, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe mísáìlì tí wọ́n pè ní Polaris fún bọ́ǹbù tí kò tíì sí.

Kánjúkánjú tí wọ́n fi ṣe é pọ̀ débi pé wọn ò dúró kí wọ́n ya àwòrán ọkọ̀ tuntun. Wọ́n mú ọkọ̀ tí wọ́n ń kàn lọ́wọ́, tí ìbá máa jẹ́ Scorpion, wọ́n gé e sí méjì láàárín bí ẹni gé páìpù, wọ́n sì fi nǹkan bí 40 mítà sí i láàárín. Ihò mísáìlì 16 ló wà nínú apá tí wọ́n fi kún un. Orúkọ rẹ̀ di George Washington. Ní ọjọ́ 20 oṣù keje 1960, nítòsí Cape Canaveral, ó yin Polaris méjì láti abẹ́ omi lọ́jọ́ kan náà. Nígbà tó di oṣù kọkànlá, ó gbéra lọ sẹ́nu iṣẹ́, ó sì lo ọjọ́ 66. Polaris yẹn ń lọ nǹkan bí 2,200 kìlómítà. Trident II tí Amẹ́ríkà ń lò láti 1990 ń lọ ju 7,000 lọ: láti etí òkun Èkó, á fo London kọjá.

Wàyí o, báwo ló ṣe ń jáde nínú omi láìjó ọkọ̀ tó gbé e? Ìbéèrè tí ọmọ iṣẹ́ mi bi mí nìyí nígbà tí mo sọ ìtàn Ọláìyá fún un. Mo ní kó gbé dírọ́ọ̀mù wá. A rọ omi kún un. Mo mú họ́ọ̀sì kan, mo tẹ orí rẹ̀ kó kọjú sókè nísàlẹ̀ omi, mo fi náílọ̀nù wé kọ́ọ̀kì kan, mo fi dí ẹnu họ́ọ̀sì. Fọkanáísà tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa fa páìpù afẹ́fẹ́ tó fi ń fún táyà wá, a fi í sí ìdí kejì. Ó tú afẹ́fẹ́ lẹ́ẹ̀kan. Omi hó gùdù, kọ́ọ̀kì sì fò jáde, ó lọ bá páànù òrùlé. Ọmọ iṣẹ́ mi ní, "Ọ̀gá, iná dà?"

Ibi tí mo fẹ́ kó dé nìyẹn. Kò sí iná. Gáàsì àti ooru omi ni wọ́n fi ń ta mísáìlì bíi Polaris àti Trident jáde nínú ihò. Bí wọ́n bá ṣí ọmọrí ihò nísàlẹ̀, awọ tẹ́ẹ́rẹ́ kan ṣì máa ń dá omi dúró kó má ya wọlé. Gáàsì á rú gùdù lábẹ́ mísáìlì, mísáìlì á fọ́ awọ náà, á sì gòkè bí kọ́ọ̀kì wa. Ìgbà tó bá yọ orí sókè odò tán ni iná rọ́kẹ́ẹ̀tì tó ràn. Bí iná náà bá kọ̀ láti ràn, ṣe ló máa já bọ̀ padà sínú òkun. Ó ti ṣẹlẹ̀: ní oṣù kìíní 2024, Trident tí ọkọ̀ Vanguard ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi dán ara rẹ̀ wò jáde nínú omi dáadáa, ṣùgbọ́n kò jìnnà tó fi tún já sínú òkun. Kò sí bọ́ǹbù nínú rẹ̀.

Ohun kan wà tó le ju jíjáde lọ, tí àwọn èèyàn kì í sọ. Ẹni tó ń sọ òkò ní láti mọ ibi tí òun dúró sí. Ilé mísáìlì tó wà lórí ilẹ̀ kò ní ìṣòro yìí, kì í rìn. Ọkọ̀ abẹ́ omi ń rìn tọ̀sán-tòru nínú òkùnkùn, kò rí ìràwọ̀, kò gbọ́ sátẹ́láìtì. Bó bá ṣi ibi tó wà pè ní kìlómítà márùn-ún, mísáìlì náà á ṣi ibi tó ń lọ ní kìlómítà márùn-ún. Wọ́n ṣe ẹ̀rọ kan fún un tó ń ka gbogbo yíyà àti gbogbo ìyára ọkọ̀ láti ìgbà tó ti kúrò ní èbúté, bíi afọ́jú tó ń ka ìṣísẹ̀ rẹ̀ láti ilé dé ọjà. Àṣìṣe díẹ̀díẹ̀ a máa kó jọ, nítorí náà Amẹ́ríkà fi sátẹ́láìtì Transit sókè láti 1960 kí àwọn ọkọ̀ Polaris lè máa yọ eríálì síta díẹ̀, kí wọ́n tún ìṣírò wọn ṣe. Inú iṣẹ́ yẹn wà lára ibi tí GPS ti jáde. Fóònù tí ẹ fi ń wá ilé àríyá ní Òkè-Fìà jẹ Polaris ní gbèsè díẹ̀. Trident ní tirẹ̀ tún ń wo ìràwọ̀ bó ṣe ń fò lọ, kó lè tún ọ̀nà rẹ̀ ṣe.

Àwọn Sófíẹ́ẹ̀tì mú epo olómi dání fún ọ̀pọ̀ ọdún, wọ́n sì gbọ́n nínú rẹ̀. Ní oṣù kẹjọ 1991, ọkọ̀ wọn kan, Novomoskovsk, ta mísáìlì 16 jáde láti abẹ́ omi lẹ́sẹẹsẹ láàárín ìṣẹ́jú tí kò pé mẹ́rin. Ṣùgbọ́n owó tí wọ́n san fún un wà nínú òkun Àtìláńtíìkì. Ní ọjọ́ 3 oṣù kẹwàá 1986, omi òkun jò wọ ihò mísáìlì kan nínú ọkọ̀ K-219, ó bá epo ibẹ̀ pàdé, ó sì bú gbàmù. Iná gba inú ọkọ̀. Ẹ̀rọ tó yẹ kó pa ẹ́ńjìnnì núkílíà kọ̀, ó di dandan kí ẹnì kan wọlé lọ fi ọwọ́ yí i. Sergei Preminin, ọmọ ogún ọdún, wọlé lọ nínú ooru yẹn, ó sì pa á. Nígbà tó fẹ́ jáde, afẹ́fẹ́ tó ti wú lẹ́yìn ilẹ̀kùn kò jẹ́ kí ilẹ̀kùn ṣí. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ wà lódìkejì, wọ́n fà á, wọ́n fà á, kò ṣí. Ibẹ̀ ló kú sí. Ọjọ́ mẹ́ta lẹ́yìn ìbúgbàmù, ọkọ̀ náà rì tòun ti mísáìlì rẹ̀. Mo ti ríran ẹni tó há sínú kànga rí, nítorí náà mi ò kì í pẹ́ lórí ìtàn yìí.

Kí ló dé tí wọ́n fi ń ṣe gbogbo wàhálà yìí nígbà tí wọ́n lè yin mísáìlì lórí ilẹ̀? Tìtorí ibùba ni. Ihò mísáìlì tó wà lórí ilẹ̀, sátẹ́láìtì ti ya á ní fọ́tò. Ọ̀tá lè kọ́kọ́ lù ú. Ṣùgbọ́n bí o bá dáná sun ilé mi lóru, tí àbúrò mi sì wà nínú oko tí o kò mọ̀, tòun ti àdá, ọwọ́ rẹ á gbọ̀n kó o tó ṣáná. Ọkọ̀ abẹ́ omi ni àbúrò tó wà lóko. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kò tíì fi òkun sílẹ̀ láìsí ọ̀kan níbẹ̀ láti 1969, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọkọ̀ mẹ́rin péré ni wọ́n ní fún iṣẹ́ náà, ara Trident Amẹ́ríkà ni wọ́n sì ti ń yá mísáìlì. Amẹ́ríkà, Rọ́ṣíà, Faransé, Ṣáínà àti Íńdíà náà ní tiwọn. Kòríà Àríwá ń dán tirẹ̀ wò. Kòríà Gúúsù ní mísáìlì bàlísítíìkì tó ń ti abẹ́ omi jáde láti 2021, láìsí núkílíà nínú rẹ̀.

Nàìjíríà ńkọ́? Ọlọ́kadà ló bi mí nígbà tí mo padà sí Ọláìyá. A ò ní ọkọ̀ abẹ́ omi ogun kankan. Ọkọ̀ ogun ojú omi NNS Aradu tí wọ́n kàn fún wa ní Jámánì, tí orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí àrá ní èdè Hausa, gbé mísáìlì Otomat, ṣùgbọ́n ti ọkọ̀ sí ọkọ̀ nìyẹn, ìran krúùsì. Ní ti bọ́ǹbù núkílíà, Àdéhùn Pelindaba tí wọ́n buwọ́ lù ní Cairo ní 1996, tó sì di òfin ní 2009, ti sọ gbogbo Áfíríkà di ilẹ̀ tí kò gbọ́dọ̀ ní in, àwa náà sì wà nínú rẹ̀.

Bàbá tíṣà dákẹ́ títí mo fi sọ tán. Wọ́n wá bi mí ní èyí tó dára jù nínú gbogbo ìbéèrè ọjọ́ náà: "Bí ọkọ̀ yìí bá sá pamọ́ tó bẹ́ẹ̀, ta ló máa sọ fún un pé kó yìn ín?"

Rédíò tí ìgbì rẹ̀ ń mì lọ́ra gan-an nìkan ni omi òkun ń jẹ́ kó wọlé, kì í sì í sábà wọlé jìnnà. Ọkọ̀ á máa wọ́ wáyà gígùn lẹ́yìn nítòsí ojú omi, á máa gbọ́, kò ní í dáhùn, torí bó bá dáhùn, wọ́n á mọ ibi tó wà. Bí ìlú tó ń bá a sọ̀rọ̀ bá wá pa rẹ́ ńkọ́, tí rédíò sì dákẹ́ lọ gbáà? Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ìdáhùn tirẹ̀. Bí wọ́n bá yan olórí ìjọba tuntun, ọ̀kan nínú iṣẹ́ àkọ́kọ́ tó máa ṣe ni pé kó jókòó, kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ lẹ́tà mẹ́rin, ọ̀kan fún ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan, nípa ohun tí ọ̀gá ọkọ̀ gbọ́dọ̀ ṣe bí òun àti ìjọba òun bá ti kú: kó yìn ín, kó má yìn ín, tàbí kó lo làákàyè ara rẹ̀. Wọ́n á ti lẹ́tà náà mọ́ inú séèfù ọkọ̀.

"Nígbà tí olórí ìjọba yẹn bá wá kúrò lórí àlééfà ńkọ́?" Bàbá bèèrè.

Mo ní wọ́n á pa lẹ́tà náà run láì ṣí i.